Àmì Dúdú tí Mo Fẹ́ Fi Ọṣẹ Fọ̀ Kúrò Lójú Júpítà

Mo ti fi ọṣẹ àti kànìnkànìn fọ ìràwọ̀ rí. Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín tán, ó kù. Mo fọ̀ ọ́ títí ara rẹ̀ fi bó, mo ṣàn án lẹ́ẹ̀mejì, mo sì fi aṣọ gbígbẹ nù ún bí ẹni ń nu àwo ọbẹ̀. Nígbà tí mo tún fojú sí i, ìdọ̀tí tí mo ń fọ̀ kò kúrò. Ó ti rìn ni.

Èmi òmùgọ̀ tó ṣe bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀yin ọmọ ń wá bá nílé mi ní Gyel, tí ẹ ń béèrè irú iṣẹ́ tó yẹ kí ènìyàn kọ́. Iṣẹ́ kan ṣoṣo ni mo ṣe láyé mi, mo sì ṣe é ju ọgbọ̀n ọdún lọ. Òṣìṣẹ́ lábù ni mí ní ilé-ìwé girama kan nílùú Jos níbí, èmi ni mo sì ń tọ́jú awò ńlá tí a fi ń wo Júpítà, èyí tí àwọn alífáà wa ń pè ní Muṣitarí. Kí n ti sọ ọ́ báyìí kó tán nílẹ̀: mo ń bẹ̀rù Júpítà. Gbogbo ọdún tí mo fi ń sìn ín ni mo fi ń bẹ̀rù rẹ̀, bí ẹni tó ń da màlúù tó mọ̀ pé ó lè kan òun. Nígbà tí mo sì fẹ̀yìntì, ìyàwó mi ní ohun tó ń dẹ́rù bà mí yìí kò ní wọ ilé òun. Bóyá ó wọlé tàbí kò wọlé, ẹ ó gbọ́.

Bí mo ṣe ríṣẹ́ kò gùn. Ìlọrin ni bàbá mi ti wá tajà, àdúgbò Ali Kazaure ní Jos ni wọ́n bí mi sí. Mo kàwé díẹ̀, ìwé sì ní ó tó. Wọ́n ń wá ẹni tí yóò máa gbálẹ̀ lábù, tí yóò sì máa fọ ìgò láì fọ́ ọ. Mo ní mo lè ṣe é. Owó rẹ̀ kò pọ̀. Ẹ jẹ́ ká kọjá níbẹ̀.

Ọ̀gá mi ni Ọ̀gá Ajíbádé, ọmọ Èkìtì, olùkọ́ físíìsì tí ìjọba gbé wá sí Plateau lẹ́yìn òmìnira, tí kò sì tètè padà. Ó ga, ó tẹ́ẹ́rẹ́, kì í pariwo. Ẹni tí kì í pariwo gan-an ló yẹ ká bẹ̀rù. Bí o bá ṣàṣìṣe, yóò bọ́ awò ojú rẹ̀, yóò nù ún, yóò tún un wọ̀, yóò sì wá wò ọ́ bí ẹni pé o ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń pè é ní Malam Shiru, nítorí shiru ni Hausa ń pe ìdákẹ́jẹ́ẹ́.

Lọ́jọ́ kan ó gbé dígí méjì wọlé, wọ́n nípọn bí búrẹ́dì, ó ti gé wọn róbótó bí ìdérí ìkòkò. Ọ́fíìsì àtijọ́ kan tí àwọn tó ń wa kùsà ti pa tì ló ti rí wọn. Ó ní òun fẹ́ fi ọ̀kan ṣe awò tí yóò fa ìràwọ̀ sún mọ́ wa. Mo bi í pé ẹ̀rọ wo la ó fi ṣe é.

Ó ní, “Ìwọ ni ẹ̀rọ.”

Ẹ̀yin ọmọ, kò ṣàwàdà. Ó rọ yanrìn kún dúrọ́ọ̀mù kan, ó de dígí kìíní mọ́ orí rẹ̀, ó da omi sí i pẹ̀lú ìyẹ̀fun òkúta líle tí àwọn tó ń dán òkúta olówó iyebíye máa ń lò, ó wá gbé dígí kejì lé e lórí. Kí n máa tì í, kí n máa fà á. Lẹ́yìn ìtì mẹ́fà, kí n sún ẹsẹ̀ kan sápá ọ̀tún, kí n tún máa tì. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe ń yí dúrọ́ọ̀mù ká lójoojúmọ́ fún oṣù mẹ́rin, bí ewúrẹ́ tí a so mọ́ èèkàn. Dígí tó wà lókè yóò máa jìn sínú, èyí tó wà nísàlẹ̀ yóò máa wú. Ohun tí Ọ̀gá wí nìyẹn. Èmi kò rí ìyàtọ̀ kankan. Ní ọ̀sẹ̀ kẹta mo gbé rúlà lé e lójú, mo sì rí ìmọ́lẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́ kan tó gba abẹ́ rúlà kọjá. Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe omi gígún lódó.

Ohun tí mi ò fẹ́ràn ni ohùn rẹ̀. Dígí lórí dígí, ó ń kérora. Bí ọjọ́ bá ti ń rọ̀, tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ti lọ, tí ó ku èmi nìkan nínú lábù, ohùn yẹn kì í jọ ti ohun tí ọwọ́ mi ń ṣe mọ́. Ó máa ń jọ ti ẹnì kan tó wà nísàlẹ̀, tó ń bẹ̀ mí pé kí n ṣí òun. Èmi a dúró, òun náà a dúró. Èmi a tún bẹ̀rẹ̀.

Bí a bá fẹ́ fi ìyẹ̀fun kan sílẹ̀ ká bọ́ sórí èyí tó kúnná jù ú lọ, Ọ̀gá á ní kí n lọ wẹ̀. Kí n gé èékánná. Kí n pààrọ̀ aṣọ. Lẹ́yìn náà yóò wo inú etí mi. Hóró kan ṣoṣo láti inú ìyẹ̀fun àná tó láti ha iṣẹ́ oṣù kan bàjẹ́. Nígbà kan ó ní kí n fá orí mi. Mo délé, ìyá mi wò mí, ó bi mí pé ìgbà wo ni mo ti Mẹ́kà dé.

Lọ́jọ́ tí a dán an tán, Ọ̀gá gbé dígí náà sínú yàrá tó ṣókùnkùn. Ó tan àtùpà kan tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ń gba ihò bí ojú abẹ́rẹ́ jáde, ó fi bíléèdì gé ìmọ́lẹ̀ náà ní àárín, ó ní kí n wò. Ojú dígí tó tẹ́jú bí omi inú àwo ti dà bí ilẹ̀ tí òkè àti àfonífojì wà lórí rẹ̀. Ó ní kí n fi àtàǹpàkò kàn án, kí n ka ení títí dé ẹ̀wá, kí n tún wò. Mo wò. Òkè kan ti wú níbi tí mo fọwọ́ kàn, bí ara tí oyin ta, ó sì ń rọra lọ sílẹ̀ níṣojú mi.

Ọ̀gá ní, “Ooru ọwọ́ rẹ nìyẹn. Dígí yìí mọ̀ bí o bá fọwọ́ kàn án. Má ṣe fọwọ́ kàn án mọ́ láé, àfi bí mo bá ní kí o ṣe bẹ́ẹ̀.”

Mo gbọ́. Etí mi méjèèjì ló gbọ́. Òun náà ti wo inú wọn, ó mọ̀ pé wọ́n mọ́.

Ó fi oògùn lábù da fàdákà bo ojú rẹ̀, fàdákà tó fẹ́lẹ́ ju èèpo àlùbọ́sà lọ. A gbé e sí ìdí páìpù funfun kan tó gùn jù mí lọ. Nígbà tí a kírun Mọ̀ngàríbà tán, mo bá a gbé e jáde sí pápá ẹ̀yìn lábù. Òun ló kọ́kọ́ wò. Ó wò pẹ́, ó sún sẹ́gbẹ̀ẹ́ fún mi.

Iná ni mo retí. Ojú ni mo rí.

Kò tàn yanranyanran bí ìràwọ̀. Ó róbótó, ó tẹ̀ díẹ̀ lókè àti nísàlẹ̀, ìgbànú méjì aláwọ̀ amọ̀ dè é ní ìbàdí, ó sì dúró jẹ́ẹ́ bí ẹni tó ti rí mi kí n tó dé. Ìràwọ̀ kéékèèké mẹ́rin tò sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ lórí ìlà kan, bí ìlẹ̀kẹ̀ tí a sín. Òṣùpá rẹ̀ ni wọ́n, Ọ̀gá wí. Ó ní, “Àgùàlà ń bá oṣù rìn, ẹ ń pè é ní ajá rẹ̀, kì í sì í ṣe ajá ẹnì kankan. Ṣùgbọ́n àwọn mẹ́rin yìí ní olówó.”

Lọ́jọ́ kejì wọ́n ti pààrọ̀ ipò. Lọ́jọ́ kẹta ọ̀kan ti sọnù. Mo wá a lábẹ́ tábìlì. Ẹ má bi mí léèrè ìdí.

Ọ̀gá sọ fún mi pé ó wà lẹ́yìn olówó rẹ̀ ni, pé yóò yọ. Ó wá sọ èyí tó bà mí jẹ́. Ó ní Júpítà kò ní ilẹ̀. Afẹ́fẹ́ ni, àwọsánmà lórí àwọsánmà. Ìjì pupa kan wà lára rẹ̀ tó ti ń jà kí wọ́n tó bí bàbá bàbá òun, ìjì náà nìkan sì tóbi ju gbogbo ayé yìí lọ. Ẹni tó bá bọ́ sínú rẹ̀, yóò máa lọ ni. Òkùnkùn á máa ṣú sí i, ooru á máa pọ̀ sí i, ohun gbogbo á máa fún un mọ́ra, kò sì ní kan ibi kankan tí ẹsẹ̀ lè tẹ̀. Àwa tí a dàgbà nítòsí kòtò kùsà, tí omi kún, tí àwọn àgbà ń sọ fún wa pé kò nísàlẹ̀, irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ kì í ṣe ẹ̀kọ́ físíìsì fún wa. Láti ọjọ́ náà, bí mo bá ń wò, ọwọ́ mi kan máa ń di ẹsẹ̀ awò mú. Mo ní kí ó má baà ṣubú ni. Awò náà kò ṣubú rí.

Wàyí o, ọ̀rọ̀ ọṣẹ. Ọyẹ́ mú gan-an lọ́dún náà. Àwọn ọ̀gá kan láti ẹ̀ka ètò ẹ̀kọ́ ń bọ̀ wá wo awò tí a fi ọwọ́ ṣe ní Jos, ó ku ọjọ́ mẹ́rin. Ọ̀gá Ajíbádé wà ní ìpàdé àwọn olùkọ́, ó ní kí n gbé awò jáde, kí n tò ó de òun. Mo tò ó. Mo yọjú wò. Àmì dúdú kan wà lójú Júpítà, róbótó, ó dúdú bí tìróò, etí rẹ̀ mú bí ihò tí a fi abẹ́rẹ́ lu.

Ìdọ̀tí ni. Kí ni kí n tún rò? Ẹ mọ ọyẹ́ Jos, eruku rẹ̀ ń wọ inú ẹyin adìẹ. Ìfọ̀ ni iṣẹ́ mi, àwọn àlejò ń bọ̀, ìdọ̀tí sì wà lójú ohun tí mo fi oṣù mẹ́rin yí dúrọ́ọ̀mù ká fún. Mo gbàgbé àtàǹpàkò, mo gbàgbé òkè tó wú. Mo tú dígí, mo gbé e lọ sídìí omi, mo fi ọṣẹ sí kànìnkànìn, mo sì fọ̀ ọ́ tọkàntọkàn. Omi tó ń ṣàn kúrò lára rẹ̀ ń dán lábẹ́ iná. Inú mi dùn. Mo rò pé mímọ́ ló ń dán bẹ́ẹ̀.

Mo dá a padà, mo yọjú. Júpítà ti di bàìbàì, bí ẹni tó jókòó lẹ́yìn èéfín. Ṣùgbọ́n àmì náà wà níbẹ̀. Kò sí níbi tí mo ti fi í sílẹ̀. Ó ti kọjá àárín, ó ń lọ sí etí kejì, díẹ̀díẹ̀, bí kòkòrò tó mọ ibi tó ń lọ tí kò sì kánjú.

Mo fẹ́ kí ẹ gbà pé mo rìn kúrò níbẹ̀. Irọ́ ni. Bàtà mi kan wà ní pápá títí ilẹ̀ fi mọ́.

Ọjọ́ méjì ni mo fi aṣọ bo awò náà, tí mò ń sọ fún Ọ̀gá pé eruku pọ̀ lójú ọ̀run. Irọ́ kì í pẹ́ rùn. Lọ́jọ́ kẹta mo lọ bá a, mo dọ̀bálẹ̀, mo sọ ohun gbogbo, mo ti di ẹrù mi sínú àpò. Ó wá wo dígí. Fàdákà ti ṣí lójú rẹ̀ bí àwọ̀ tí làpálàpá jẹ. Ó bọ́ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún un wọ̀.

“Àmì tí o fọ̀ ńkọ́? Ó kúrò?”

“Kò kúrò, sà.”

“Kí ló ṣe?”

“Ó rìn, sà.”

Ó jókòó. Ó ní, “Òjìji ni. Ọ̀kan nínú àwọn òṣùpá náà ń kọjá níwájú olówó rẹ̀, òjìji rẹ̀ bọ́ sí i lára. Oṣù méjì ni mo ti ń wá ohun tí o rí yìí, mi ò tíì bá a pàdé. Ìwọ bá a pàdé, o sì mú kànìnkànìn.”

Ó ránṣẹ́ sí àwọn àlejò pé ara awò kò yá. Kò lé mi. Ó gba kọ́kọ́rọ́ lábù lọ́wọ́ mi, ọdún méjì gbáko kó tó dá a padà. Èmi ni ó ní kí n tún fàdákà náà dà, ó kó ọwọ́ sẹ́yìn, ó ń wò mí. Oògùn yẹn, bí a bá pò ó tí a gbàgbé ẹ̀ sínú ìgò, ó lè bú gbàmù, nítorí náà bí a bá ti lò ó tán la ń dà á nù. Èyí tí mo kọ́kọ́ dà pọ́n bí irin tó dógùn-ún. Ìkejì bó. Ìkẹta dúró. Ó wá fún mi ní ìwé àti pẹ́ńsù, ó ní láti òní lọ, bí mo bá rí ohun tí kò yé mi, kí n yà á kí n tó ronú àtinù ún. Bí mo bá tilẹ̀ ní ohun kan láti fi sílẹ̀ fún ẹni tó ń wá iṣẹ́, òun náà nìyẹn, kò sì pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Mo gbé Sàlámátù níyàwó lẹ́yìn náà, ọmọ àdúgbò Dilimi, tí Hausa rẹ̀ já gaara ju Yorùbá rẹ̀ lọ, òun ló bí Ráhámà fún mi. Kò pẹ́ tó fi mọ̀ pé òun fẹ́ ọkọ tó ń ṣubú lójú oorun. Mo máa ń já bọ́ gba inú àwọsánmà aláwọ̀ amọ̀, mi ò kan ilẹ̀, n ó sì jí tí mo di etí bẹ́ẹ̀dì mú. Ní ìgbẹ̀yìn ó so etí ìró rẹ̀ mọ́ ọrùn ọwọ́ mi. Ó ní bí mo bá ń lọ, kí n fà á kí òun mọ̀. Ọdún tí a fi sùn bẹ́ẹ̀ pọ̀. Ẹ lè rẹ́rìn-ín. Èmi náà ti rín in.

Irinṣẹ́ ń yí padà. Pẹ́ńsù ni a fi bẹ̀rẹ̀, a ń ya róbótó kan lójoojúmọ́ a sì ń to òṣùpá sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Kámẹ́rà onífíìmù dé, kọ̀ǹpútà dé. Àwọn òyìnbó rán ẹ̀rọ lọ síbẹ̀, ó ju ẹ̀rọ kékeré kan sínú àwọsánmà náà pẹ̀lú agboòrùn tó ń dá nǹkan dúró lójú òfúrufú. Ọ̀gá ka ìròyìn rẹ̀ sí mi létí. Bíi wákàtí kan ni ẹ̀rọ kékeré yẹn fi ń sọ̀rọ̀ padà bó ṣe ń lọ sísàlẹ̀, lẹ́yìn náà ó dákẹ́. Mo bi Ọ̀gá pé, ilẹ̀ ńkọ́? Ó mi orí. Kò kàn án.

Nígbà tó yá, Ọ̀gá fẹ̀yìntì, ó padà sí Èkìtì, ibẹ̀ ni ọlọ́jọ́ ti dé bá a. Nígbà tó ń lọ, ó fi kọ́kọ́rọ́ tirẹ̀ náà sí mi lọ́wọ́, ó sì wo inú etí mi. Ìdágbére rẹ̀ nìyẹn. Lẹ́yìn rẹ̀ ni a gbọ́ pé àwọn òyìnbó ju ẹ̀rọ ńlá yẹn fúnra rẹ̀ sínú Júpítà nígbà tí epo rẹ̀ ń tán lọ, kó má baà lọ kọlu òṣùpá kan tí wọ́n rò pé omi wà lábẹ́ yìnyín rẹ̀, kó sì kó ìdọ̀tí ayé bá a. Mo dúró lórí ìròyìn yẹn pẹ́. Kí wọ́n jù ọ́ sínú ohun tí kò nísàlẹ̀ nítorí kí o má baà da omi ẹlòmíràn rú.

Lẹ́yìn náà, gbogbo ọmọ ní fóònù, àwòrán Júpítà tó dára ju tèmi lọ wà nínú rẹ̀. Kò sẹ́ni tó ń wá sí pápá mọ́. Olùkọ́ tuntun kan gbé fóònù sí mi létí lọ́jọ́ kan. Ó ní ẹ̀rọ kan tó ń yí Júpítà ká ló gbà á. Ìgbì rédíò ni, wọ́n sọ ọ́ di ohùn kí etí lè gbọ́. Ó ń súfèé, ó ń hó, ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í kérora. Mo dá fóònù padà. Mo mọ ohùn yẹn. Oṣù mẹ́rin ni mo fi gbọ́ ọ lórí dúrọ́ọ̀mù.

Ọdún tí mo fẹ̀yìntì ni wọ́n ń kó ìdọ̀tí sítóò jáde. Ọ̀gá àgbà ilé-ìwé, obìnrin ọmọlúàbí kan, sọ fún mi pé àwọn oní-gwangwan tó ń ra irin àlòkù ń bọ̀, pé bí mo bá fẹ́ awò náà, kí n gbé e kí wọ́n tó dé. Mo gbé e. Kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta ló gbé wa dé Gyel, orí páìpù yọ níta bí ìbọn, gbogbo ènìyàn ń yà fún wa lọ́nà.

Sàlámátù dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn. Ó ní ohun tó ti ń fa ọkọ òun lọ láti ọjọ́ yìí, òun kò ní ṣílẹ̀kùn fún un. Mo bẹ̀ ẹ́. Ó ní kí n yan èyí tí mo bá fẹ́, òun tàbí òun yẹn. Mo fi tapólì bò ó lẹ́bàá ògiri. Oní-gwangwan kan rí i, ó ń pààrà ẹnu ọ̀nà wa. Ọjọ́ méjì, ọjọ́ mẹ́ta. Mi ò lè jẹun dáadáa. Mi ò sì lè bínú sí Sàlámátù, nítorí ó mọ iye ìgbà tí mo ti fa etí ìró rẹ̀.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kẹta, òjò ń ṣú bọ̀ lápá Bukuru, ṣùgbọ́n ìwọ̀-oòrùn ṣì mọ́, Júpítà sì wà níbẹ̀. Sàlámátù kírun tán, ó jáde, ó ní kí n ṣí i, òun fẹ́ rí ojú olè náà. Kò wò ó rí láti ọjọ́ tí mo ti gbé e níyàwó. Mo tò ó. Ó fojú sí i. Ó tẹ ojú mọ́ ọn débi tí mo fi rò pé òun náà ti ń lọ.

“Àwọn mẹ́rin tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ yìí, ọmọ rẹ̀ ni?”

Mo ní òṣùpá rẹ̀ ni, pé wọ́n pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ, mẹ́rin ni awò wa lè mú.

“Ìgbà wo ni wọ́n ti ń yí i ká?”

Mo ní kí ènìyàn tó dé ayé.

“Èwo nínú wọn ló ti já sínú rẹ̀ rí?”

Mo ronú sí i. Mo ronú sí ìwé tí mo fi ń ya wọ́n, ọdún lórí ọdún, ọ̀kan á sọnù, á tún yọ. Mo ní mi ò rí ọ̀kankan. Ẹ̀rọ ló wọ inú rẹ̀, ìyẹn náà, àwọn tó ni ín ló jù ú síbẹ̀.

Ó gbé ojú kúrò lára awò, ó wò mí, ó ká etí tapólì sókè kúrò nílẹ̀.

Ó ní, “Haba, Bàbá Ráhámà. Ẹni tí kò tíì jẹ́ kí ọmọ tirẹ̀ já bọ́ láti ọjọ́ tó ti ń gbé wọn yí ká, kí ló fẹ́ fi yín ṣe? Ẹ gbé e wọlé, òjò ń bọ̀.”